Ìṣẹ́jú Mẹ́ta Nínú Ròólù Kan: Iṣẹ́ Graeme Ferguson, Oníkámẹ́rà Ọmọ Kánádà

Ròólù fíìmù IMAX (sinimá orí síkírìnì gàgàrà) tó gùn ní 1,000 ẹsẹ̀ bàtà kì í lò ju ìṣẹ́jú mẹ́ta lọ nínú kámẹ́rà kó tó tán. Nígbà tí Graeme Ferguson kú ní ọjọ́ 8 oṣù Karùn-ún, 2021, létí adágún Lake of Bays ní Ontario, ẹni ọdún 91, ohun tí ọ̀pọ̀ ìwé ìròyìn kọ nípa rẹ̀ ni pé ó wà lára àwọn mẹ́rin tó dá IMAX sílẹ̀. Òótọ́ ni. Àmọ́ lójú tèmi, ìṣẹ́jú mẹ́ta yẹn ló ṣàlàyé ọkùnrin náà jù. Oníkámẹ́rà ni kó tó di olùgbéjáde sinimá, oníkámẹ́rà ló sì jẹ́ títí dópin, kódà láwọn ọdún tó jẹ́ pé ọwọ́ ẹlòmíràn ni kámẹ́rà wà, lókè ọ̀run níbi tí òun fúnra rẹ̀ kò lè dé.

Toronto ni wọ́n ti bí i, ní ọjọ́ 7 oṣù Kẹwàá, 1929. Galt ló ti dàgbà, ìlú kékeré kan tó ti di ara ìlú Cambridge báyìí. Iléèwé girama ibẹ̀ ló ti bá Robert Kerr àti William Shaw pàdé, tí wọ́n jọ ń ṣe ìwé ìròyìn iléèwé. Ẹ fi orúkọ méjèèjì yìí sọ́kàn. Kerr padà di onítẹ̀wé, ó sì ṣe méyọ̀ Galt. Shaw di ẹnjiníà, ó ṣiṣẹ́ ní iléeṣẹ́ mọ́tò Ford. Ferguson ní tirẹ̀ lọ kọ́ ẹ̀kọ́ ìṣèlú àti ọrọ̀ ajé ní Yunifásítì Toronto, ó sì wọ ẹgbẹ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó fẹ́ràn sinimá níbẹ̀. Maya Deren, obìnrin tó ń ṣe sinimá ara ọ̀tọ̀ ní New York, wá kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ náà níṣẹ́. Ní 1950, Ferguson fi àsìkò ìsinmi ṣiṣẹ́ ní National Film Board, iléeṣẹ́ sinimá ìjọba Kánádà. Lẹ́yìn ìyẹn ó kó lọ sí New York, ó ń ya sinimá fún ẹnikẹ́ni tó bá gbé iṣẹ́ wá.

Iṣẹ́ àdáṣe yẹn ṣe pàtàkì. Oníkámẹ́rà tó ń gba owó oṣù ní iléeṣẹ́ ńlá lè máà mọ iye owó tó ń jó nígbà tí fíìmù ń sáré kọjá lẹ́yìn lẹ́ńsì. Ẹni tó ń dá ṣe é mọ̀ ọ́n, torí òun ló máa ra fíìmù, òun ló máa sanwó ibi tí wọ́n ti ń fọ̀ ọ́, òun náà ló máa dúró níwájú oníṣẹ́ láti ṣàlàyé bí àwòrán bá bàjẹ́. Ìdí nìyí tí mi ò fi ya ìgbà tó jẹ́ oníkámẹ́rà sọ́tọ̀ kúrò lára ìgbà tó di olùgbéjáde. Ìṣírò kan náà ló ń ṣe, owó inú rẹ̀ ló kàn ń pọ̀ sí i.

Iṣẹ́ tó yí ọ̀nà rẹ̀ padà ni Polar Life, tó ṣe fún ìpàtẹ àgbáyé Expo 67 ní Montreal. Kerr ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló gbé e jáde. Ferguson gbé kámẹ́rà yí ká òkè ilẹ̀ ayé níbi tí òtútù ti ń jọba, ó dé Alaska, àríwá Kánádà, Lapland àti Siberia. Síkírìnì 11 ni wọ́n tò yíká. Àwọn èrò jókòó sórí pèpéle ńlá kan tó ń yí, tí ó ń gbé wọn kọjá níwájú síkírìnì wọ̀nyẹn, tó fi jẹ́ pé ìwọ̀nba síkírìnì bíi mẹ́ta ni ẹni kan ń rí lẹ́ẹ̀kan náà. Nínú ìpàtẹ kan náà, Roman Kroitor ti National Film Board, tó fẹ́ Janet arábìnrin Ferguson, wà lára àwọn tó ṣe sinimá olóríṣiríṣi síkírìnì mìíràn, In the Labyrinth. Àwọn èrò tò lórí ìlà fún ọ̀pọ̀ wákàtí kí wọ́n tó lè wọlé wo èyí.

Ohun tí àwọn èrò kò rí ni ìyà tó wà nínú yàrá ẹ̀rọ. Tí pùrójẹ́kítọ̀ bá pọ̀, gílóòbù wọn kì í gbó lọ́jọ́ kan náà, nítorí náà síkírìnì kan á pọ́n díẹ̀, èkejì á dúdú díẹ̀. Gbogbo wọn gbọ́dọ̀ jọ máa rìn ní férémù kan náà, ìyẹn àwòrán kọ̀ọ̀kan tó tò tẹ̀ lé ara wọn lórí fíìmù. Bí fíìmù ti ẹ̀rọ kan bá já, tí wọ́n gé férémù mẹ́ta tó ya kúrò tí wọ́n sì lẹ̀ ẹ́ pọ̀, ẹ̀rọ yẹn á máa fi férémù mẹ́ta síwájú àwọn tó kù títí eré á fi parí, àfi tí wọ́n bá fi fíìmù dúdú tó gùn bákan náà dí àlàfo náà. Bí ọ̀kan bá kú, gbogbo eré ti dúró nìyẹn. Ferguson àti Kroitor jọ jókòó sọ̀rọ̀ lórí èyí, ibi tí wọ́n já sí ni pé kí wọ́n ṣe ẹ̀rọ kan ṣoṣo tó lágbára, tí férémù rẹ̀ tóbi tó láti gbé gbogbo ohun tí àwọn síkírìnì kéékèèké ń gbé. Wọ́n pe Kerr, kó mójú tó owó. Ní 1967, iléeṣẹ́ wọn bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú orúkọ Multiscreen Corporation. Shaw dara pọ̀ mọ́ wọn lẹ́yìn díẹ̀, nígbà tí wọ́n rí i pé ìmọ̀ ẹ̀rọ ni ọ̀rọ̀ náà dá lé.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò ohun tí wọ́n kó sọ́rùn. Férémù fíìmù 35 mìlímítà tí ilé sinimá ń lò nígbà náà fẹ̀ tó 22 mìlímítà, ó ga tó 16. Ti IMAX fẹ̀ ní 69.6, ó ga ní 48.5. Ìyẹn lé ní ìlọ́po mẹ́sàn-án. Kí wọ́n tó lè rí irú àyè bẹ́ẹ̀, wọ́n mú fíìmù 65 mìlímítà fún kámẹ́rà, 70 mìlímítà fún ẹ̀dà tí èrò máa wò, wọ́n wá dà á sí ìbú kó máa sáré láti ẹ̀gbẹ́ kan sí èkejì dípò kó máa ti òkè bọ̀ sílẹ̀. Férémù kọ̀ọ̀kan gba ihò 15 létí fíìmù. Láti ihò kan sí èkejì jẹ́ 4.75 mìlímítà, férémù kan wá ń jẹ 71.25 mìlímítà. Férémù 24 ló ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ìyẹn mítà 1.71. Ní ìṣẹ́jú kan, mítà 103 ti lọ, nígbà tí fíìmù 35 ń lo bíi mítà 27 péré. Níbi ìṣírò yìí ni ìṣẹ́jú mẹ́ta ti wá.

Ìṣòro pùrójẹ́kítọ̀ ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa gbogbo rẹ̀. Láti ìgbà tí sinimá ti dáyé ni ẹ̀rọ rẹ̀ ti ń fi eyín irin gbá ihò fíìmù mú, tí yóò já a wálẹ̀ ní férémù kan, tí yóò dá a dúró kí ìmọ́lẹ̀ tàn án, tí yóò sì tún já a, ìgbà 24 ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Fíìmù tó ní ihò mẹ́rin fún férémù kan lè fara da èyí fún ọgọ́rọ̀ọ̀rún ìgbà. Fíìmù tó ní ihò 15 wúwo, ọ̀nà tó sì gbọ́dọ̀ rìn kó tó dúró jìnnà. Bí eyín irin bá já a bẹ́ẹ̀, ihò á ya, férémù kò ní dúró síbi tó yẹ, àwòrán á máa gbọ̀n.

Ọ̀nà àbáyọ wà ní Brisbane lórílẹ̀-èdè Ọsirélíà, lọ́wọ́ ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Ronald Jones, tó ti gba ẹ̀tọ́ ìhùmọ̀ lórí bí a ṣe lè gbé fíìmù rìn láìjá a. Ẹni tó bá ti fẹ́ sún ẹní ńlá lórí ilẹ̀ láìwọ́ ọ mọ ọgbọ́n náà: á ká ìpẹ̀kun kan sókè díẹ̀, á wá máa ti ibi tó ká yẹn lọ títí yóò fi jáde ní ìpẹ̀kun kejì, ẹní á sì ti sún. Nínú ẹ̀rọ Jones, àgbá ńlá kan ń yí láìdúró, ó ní àlàfo létí rẹ̀. Fíìmù ń wọ inú àlàfo kọ̀ọ̀kan, ó ń ká bí ìgbì, àgbá ń gbé ìgbì náà rìn, ó sì ń tẹ́ fíìmù sílẹ̀ lórí ojú ihò ìmọ́lẹ̀. Afẹ́fẹ́ tí wọ́n fún pọ̀ ń ràn án lọ́wọ́. Ibi tí férémù bá tẹ́ sí, píìnì irin tó dúró gbọin-gbọin á wọ inú ihò rẹ̀, á dì í mú, ẹ̀rọ tó ń fa afẹ́fẹ́ á sì fà á lẹ̀ mọ́ gíláàsì tó wà lẹ́yìn lẹ́ńsì, kó lè tẹ́ pẹrẹsẹ láti igun dé igun. Férémù tó fẹ̀ tó báyìí kì í tẹ́ fúnra rẹ̀. Ooru gílóòbù ń mú un wú láàárín, bí àárín bá sì wú, ẹ̀gbẹ́ á ríran kedere, àárín á ṣú.

Wọ́n ra ẹ̀tọ́ náà lọ́wọ́ Jones. Nígbà tí Shaw dán an wò ní ìwọ̀n tí wọ́n fẹ́, férémù ń fi agbára gbá píìnì, àwòrán ń mì. Ó fi apá kékeré kan kún un, èyí tí ń dín eré férémù kù kó tó kan píìnì, kó lè fara balẹ̀ wọ ibẹ̀. Ọwọ́ ẹnjiníà gidi nìyẹn, èèyàn kò sì lè sọ pé ohun kékeré ni. Lórí síkírìnì tó fẹ̀ ní mítà 24, ohun gbogbo tó wà lórí fíìmù ti di ìlọ́po 345. Bí férémù bá yẹ̀ ní ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún mìlímítà, àwòrán á fo mìlímítà mẹ́ta àti ààbọ̀ níwájú àwọn èrò. Irun tín-ín-rín tó nípọn ní ìdá mẹ́wàá mìlímítà, tó bá bọ́ sẹ́nu ọ̀nà fíìmù, á dà bí okùn tó nípọn ju sẹ̀ǹtímítà mẹ́ta lọ. Gílóòbù wọn náà ń jẹ 15 kílówáàtì, omi ni wọ́n fi ń tù ú, bí fíìmù bá sì dúró níwájú rẹ̀ láìsí ìdènà, yóò yọ́.

Kámẹ́rà rọrùn díẹ̀, torí ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni fíìmù ń gba inú rẹ̀ kọjá. Jan Jacobsen, ọmọ Nọ́wè tó ń ṣiṣẹ́ ní Copenhagen, ló ṣe é. Ó ń pariwo gan-an, nítorí náà kò sí pé kéèyàn máa ya àwòrán kó sì máa gba ohùn lẹ́sẹ̀ kan náà nítòsí rẹ̀. Ohùn ni wọ́n máa ń wá lọ́tọ̀. Kódà lára ẹ̀dà tí wọ́n ń gbé jáde, kò sí àyè fún ohùn, àwòrán ti gba gbogbo rẹ̀. Fíìmù 35 mìlímítà mìíràn tó ní ipa ohùn mẹ́fà ló máa ń bá a rìn.

Tiger Child ni sinimá àkọ́kọ́ tí wọ́n fi ẹ̀rọ náà ṣe, ní Expo 70 ní Osaka, báǹkì Fuji ló sanwó rẹ̀, Donald Brittain ló darí rẹ̀, Kroitor ló gbé e jáde. Ó fi hàn pé ẹ̀rọ náà ṣiṣẹ́. Èyí tí Ferguson fi ara rẹ̀ hàn nínú rẹ̀ ni èyí tó tẹ̀ lé e.

Ní 1971, ìjọba Ontario ṣí Cinesphere ní Toronto, ilé rìbìtì funfun tó dúró lórí omi, síkírìnì rẹ̀ tó bíi mítà 24 ní ìbú àti 18 ní gíga. Òun ni ilé IMAX àkọ́kọ́ tí wọ́n kọ́ láti wà títí. North of Superior ni wọ́n fi ṣí i. Ìṣẹ́jú 18 ni, Ferguson ló yà á, òun ló darí rẹ̀, òun ló gbé e jáde. Toni Myers, tó máa di igi lẹ́yìn ọgbà rẹ̀ fún ogójì ọdún, ló to àwòrán rẹ̀ pọ̀. Ìṣẹ́jú 18 yẹn lásán gùn tó nǹkan bí kìlómítà méjì dín díẹ̀ tí wọ́n bá tú u sílẹ̀.

Inú sinimá yìí ni oníkámẹ́rà ti lè kọ́ òfin iṣẹ́ náà. Ilé sinimá lásán, èèyàn ń wo àwòrán tó wà nínú férémù. Ní IMAX, ìjókòó ga gẹ̀rẹ̀gẹ̀rẹ̀, síkírìnì sì sún mọ́ni, etí férémù fẹ́rẹ̀ẹ́ jáde kúrò lójú. Nítorí náà, ohun tó ṣe pàtàkì kì í wà ní àárín gbùngbùn férémù. Ó máa ń wà nísàlẹ̀ díẹ̀, ní nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta sókè láti ìsàlẹ̀, torí ibẹ̀ ni ojú èrò bá dọ́gba. Gbogbo òkè tó kù jẹ́ ojú ọ̀run, igi tàbí òrùlé, tí èèyàn ń mọ̀ lára láìwò ó tààrà. Oníkámẹ́rà tó ti mọ́ lára láti kó orí èèyàn sún mọ́ òkè férémù máa ń mú kí ọrùn èrò ro wọ́n. Bákan náà ni ojú èèyàn tí wọ́n yà nítòsí: agbárí tó ga ní mítà 15 máa ń bani lẹ́rù kó tó sọ̀rọ̀ kankan.

Yíyí kámẹ́rà láti ẹ̀gbẹ́ kan sí èkejì tún léwu ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ká ní ohun kan gba ìṣẹ́jú àáyá méje láti la síkírìnì mítà 24 já. Lórí sinimá lásán, ìyẹn jẹ́ẹ́jẹ́ ni. Lórí síkírìnì yìí, ohun náà ń fo sẹ̀ǹtímítà 14 láàárín férémù kan àti èkejì, ojú sì ń rí fífò náà bí ìgbọ̀nrìrì. Ferguson kò bá a jà. Ó gba ọ̀nà mìíràn: ó ní kí kámẹ́rà máa lọ síwájú. Bí bàálù bá ń fò lọ tààrà, àárín àwòrán fẹ́rẹ̀ẹ́ dúró jẹ́ẹ́, etí nìkan ló ń sáré, etí sì ni apá ojú wa tó ń sọ fún ara pé a ń rìn. Ìdí nìyẹn tí fífò lórí omi adágún Superior fi mú àwọn èrò di ìjókòó wọn mú ní 1971. Láti ọjọ́ náà ni ọ̀pọ̀ sinimá IMAX ti ní àwòrán irú rẹ̀ kan, ọ̀pọ̀ nínú wọn láìmọ ìdí tí tàkọ́kọ́ fi ṣiṣẹ́.

Lẹ́ńsì náà ní ìṣòro tirẹ̀. Bí férémù ṣe tóbi, lẹ́ńsì tó ń fi ojú lásán wo nǹkan gbọ́dọ̀ gùn, bíi 80 mìlímítà. Èyí tó gùn ní 40 ti jẹ́ èyí tó ń wo ibi gbígbòòrò. Lẹ́ńsì gígùn kì í ríran kedere níwájú àti lẹ́yìn lẹ́ẹ̀kan náà. Oníkámẹ́rà gbọ́dọ̀ dín ojú lẹ́ńsì kù, tó bá sì dín in kù, ìmọ́lẹ̀ tó pọ̀ ló máa fẹ́. Lábẹ́ òòrùn kò burú. Nínú yàrá, ó di wàhálà.

Àwọn ọdún 1970 tó kù kò fi bẹ́ẹ̀ rọ̀ wọ́n lọ́rùn. Ilé tó lè gba ẹ̀rọ náà kò tó nǹkan, ilé sinimá tí ń ṣòwò kò sì fẹ́ yí gbogbo ilé wọn padà nítorí sinimá ìṣẹ́jú 18. Àwọn mùsíọ́ọ̀mù ló gbà wọ́n là. Ní 1973, San Diego gba ẹ̀yà rẹ̀ tó ń ju àwòrán sínú òrùlé rìbìtì. Ní 1976, National Air and Space Museum ní Washington ṣí pẹ̀lú IMAX nínú. Ọ̀gá àgbà mùsíọ́ọ̀mù yẹn ni Michael Collins, ọ̀kan lára àwọn mẹ́ta tó wà nínú Apollo 11, ìrìn àjò tó kọ́kọ́ gbé èèyàn dé orí òṣùpá. Ó fẹ́ kí kámẹ́rà náà dé òfurufú, ó sì fi Ferguson mọ àwọn tó yẹ kó mọ̀ ní NASA, àjọ òfurufú ìjọba Amẹ́ríkà.

Ibí yìí ni mo rò pé iṣẹ́ rẹ̀ ti ga jù. Ó kọ́kọ́ ṣe Hail Columbia!, tó jáde ní 1982, lórí ìrìn àjò àkọ́kọ́ tí ọkọ̀ òfurufú Columbia rìn ní ọjọ́ 12 oṣù Kẹrin, 1981. Ọkọ̀ tó ń gbéra kì í tún un ṣe fún oníkámẹ́rà. Nítòsí iná rẹ̀, èèyàn kò lè dúró ti kámẹ́rà, láti òkèèrè ni wọ́n ti ń tan án. Bí wọ́n bá tan án ní kíá jù, tí wọ́n wá sún ìgbéra síwájú, ìṣẹ́jú mẹ́ta ti lọ, kò sì sẹ́ni tó lè lọ fi ròólù tuntun sí i níbẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn ni The Dream Is Alive, tí wọ́n yà nínú ìrìn àjò òfurufú ní 1984, tó sì jáde ní 1985. NASA, mùsíọ́ọ̀mù Washington àti Lockheed, iléeṣẹ́ tó ń ṣe bàálù, ló wà lẹ́yìn rẹ̀. Awọn arìnrìn-àjò òfurufú ló ya gbogbo ohun tó wà lókè ọ̀run nínú rẹ̀, 14 ni wọ́n. Ìyẹn ni pé Ferguson gbọ́dọ̀ kọ́ awakọ̀ bàálù, dókítà àti onímọ̀ sáyẹ́ǹsì níṣẹ́ oníkámẹ́rà láàárín gbogbo ẹ̀kọ́ mìíràn tó wà lọ́rùn wọn: bí a ṣe ń fi fíìmù sínú kámẹ́rà, bí a ṣe ń wọn ìmọ́lẹ̀, bí a ṣe ń mú lẹ́ńsì ríran, ibi tí a ń fi ojú èèyàn sí nínú férémù. Ó sì gbọ́dọ̀ pín ìṣẹ́jú mẹ́ta-mẹ́ta fún wọn kó tó di pé wọ́n kúrò nílẹ̀.

Ẹ wo ohun tí ìṣẹ́jú mẹ́ta jẹ́ níbẹ̀. Ọkọ̀ náà ń sáré ní kìlómítà méje àti ààbọ̀ àti díẹ̀ ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Kí ròólù kan tó tán, ó ti kọjá ilẹ̀ tó lé ní 1,300 kìlómítà. Láàárín ìṣẹ́jú 90, ó yí ayé po, ilẹ̀ mọ́, ilẹ̀ sì tún ṣú. Nítorí náà, ẹni tó bá fẹ́ ya erékùṣù kan kò lè máa retí rẹ̀ pẹ̀lú kámẹ́rà tó ń ṣiṣẹ́. Ó gbọ́dọ̀ mọ ìyípo wo ni yóò gbé e kọjá ibẹ̀ nígbà tí oòrùn wà níbi tó yẹ, fèrèsé wo ló dojú kọ ilẹ̀, lẹ́ńsì wo ló wà lẹ́nu kámẹ́rà. Bí kùrukùru bá bo ibẹ̀, kí ó gbé ọwọ́ kúrò, kó fi fíìmù náà pa mọ́ fún ibòmíràn. Ìmọ̀ ìgbà tí a kò ní tẹ bọ́tìnì yìí ló ṣòro láti kọ́ ẹni tí kì í ṣe oníkámẹ́rà, òun sì ni mo gbà pé Ferguson kọ́ wọn dáadáa jù.

Àìwúwo nǹkan lókè kò mú kí kámẹ́rà rọrùn tó bí èèyàn ṣe rò. Lóòótọ́, ìka kan lè gbé e. Àmọ́ bí ó bá ti ń léfòó lọ, bó ṣe tóbi náà ló ṣe máa ṣòro láti dá dúró, ẹni tó bá tì í á sì rí i pé òun fúnra òun ló ń padà sẹ́yìn. Bí ẹ̀ńjìnnì rẹ̀ bá bẹ̀rẹ̀ sí yí nígbà tí kò sẹ́ni tó dì í mú gidi, gbogbo ara kámẹ́rà á fẹ́ yí sí òdìkejì. Ẹni tó ń yàwòrán gbọ́dọ̀ fi ẹsẹ̀ kọ́ nǹkan kan. Nínú ìrìn àjò ọkọ̀ Discovery ní oṣù Kẹjọ sí oṣù Kẹsàn-án, 1984, irun gígùn Judith Resnik, ọ̀kan lára àwọn arìnrìn-àjò náà, tó ń léfòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ kámẹ́rà wọ inú ibi tó ń yí, ẹ̀rọ lọ́ ọ mọ́ra, kámẹ́rà sì dákú. Àlùmọ́gàjí ni àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi gé irun náà kí wọ́n tó rí i tú sílẹ̀. Lórí ilẹ̀, irun máa ń rọ̀ sísàlẹ̀, kò sẹ́ni tó ń bò ó mọ́lẹ̀ nítorí kámẹ́rà. Ohun tó ń yí ní gbangba lórí kámẹ́rà di ewu lọ́jọ́ náà.

Resnik wà nínú sinimá náà, ó ń sùn, irun rẹ̀ ń léfòó. Dick Scobee náà wà níbẹ̀, òun ni igbákejì awakọ̀ nínú ìrìn àjò oṣù Kẹrin, 1984. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kìíní, 1986, àwọn méjèèjì wà lára àwọn méje tó kú nínú ọkọ̀ òfurufú Challenger. Mi ò mọ bí èèyàn ṣe lè wo The Dream Is Alive lẹ́yìn ọjọ́ yẹn láìdúró lórí àwọn ojú náà. Fíìmù tó tóbi tó bẹ́ẹ̀ kò fi nǹkan kan pa mọ́: èèyàn ń rí bí wọ́n ṣe ń rẹ́rìn-ín fún ẹlẹgbẹ́ wọn tó di kámẹ́rà mú, wọn kì í rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ fún àlejò. Bó bá jẹ́ Ferguson fúnra rẹ̀ ló wà lẹ́yìn lẹ́ńsì, n kò gbà pé yóò rí ẹ̀rín yẹn yà.

Ọkọ̀ òfurufú kò tún gbéra títí di oṣù Kẹsàn-án, 1988. Nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ padà, Ferguson gbé Blue Planet jáde ní 1990, Ben Burtt darí rẹ̀. Lẹ́yìn náà Destiny in Space ní 1994. Kámẹ́rà mìíràn ti wà tí wọ́n ń so mọ́ ìta, níbi ẹrù ọkọ̀, wọ́n sì ń tan án láti inú. Òun ni wọ́n sọ di ti ojú méjì (3D) fún Hubble 3D, tí Toni Myers darí, tí Ferguson sì wà lára àwọn àgbà tó gbé e jáde ní 2010. Níbẹ̀, àwòrán ojú ọ̀tún àti ti ojú òsì wà lórí fíìmù kan náà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, nítorí náà fíìmù tó gùn tó 5,400 ẹsẹ̀ bàtà kò lò ju ìṣẹ́jú mẹ́jọ lọ. Ìṣẹ́jú mẹ́jọ fún gbogbo àtúnṣe tí wọ́n fi ọ̀pọ̀ ọjọ́ ṣe lára Hubble, awò awọ̀nàjíjìn tó ń yí ayé po, ní oṣù Karùn-ún, 2009. Kò sí àyè láti pààrọ̀ ròólù nínú òfurufú.

Abẹ́ omi náà, ọ̀nà kan náà ni. Into the Deep jáde ní 1994, Howard Hall ló darí rẹ̀ nínú igbó ewéko òkun tó wà níwájú gúúsù California, Ferguson ló gbé e jáde. Kámẹ́rà ojú méjì tí wọ́n gbé lọ ń lo fíìmù méjì lẹ́ẹ̀kan náà. Ròólù 2,500 ẹsẹ̀ bàtà fún ojú kọ̀ọ̀kan ń tán láàárín ìṣẹ́jú méje àti ààbọ̀, àpótí tí wọ́n fi dáàbò bò ó sì tóbi tó bẹ́ẹ̀ tó jẹ́ pé ẹ̀rọ agbẹ́rù ni wọ́n fi ń sọ ọ́ kalẹ̀ láti inú ọkọ̀. Tí fíìmù bá tán, wọ́n á fà á gòkè, wọ́n á nù ún gbẹ kí iyọ̀ má kan inú, wọ́n á ṣí i, wọ́n á kó ròólù sí i, wọ́n á dán ìdè rẹ̀ wò, kó tó padà sínú omi. Ẹja kì í dúró dè wọ́n. Hall mọ ìwà ẹja kọ̀ọ̀kan tó láti mọ ìgbà tó fẹ́ jẹun tàbí tó fẹ́ jà, òun sì ni Ferguson tún gbà padà fún Deep Sea 3D ní 2006 àti Under the Sea 3D ní 2009. Olùgbéjáde mìíràn ì bá wá ẹni tó gbajúmọ̀.

Ti owó kò gba àlàyé púpọ̀. Sinimá IMAX àtijọ́ kì í pa gbogbo owó rẹ̀ lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́. Báǹkì, ìjọba tàbí iléeṣẹ́ ńlá ló ń san owó ìbẹ̀rẹ̀, mùsíọ́ọ̀mù á wá máa fi hàn ní wákàtí wákàtí fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọmọ iléèwé ń wọlé, òmíràn ń jáde. Ìdí nìyẹn tí wọn kì í fi í ju ìṣẹ́jú 40 lọ. Ferguson ṣe ààrẹ iléeṣẹ́ náà títí di 1990, àwọn tó dá a sílẹ̀ tà á ní 1994, ó sì ń gbé sinimá jáde lọ láìjókòó sí ọ́fíìsì.

Ẹni tó bá wọ IMAX tó wà ní Lekki ní Èkó lónìí kò ní rí fíìmù níbẹ̀. Ẹ̀rọ díjítà ni, bíi ti ọ̀pọ̀ ilé IMAX káàkiri ayé. Àwọn tó ṣì ní ẹ̀rọ fíìmù 70 mìlímítà oníhò 15 ti kéré gan-an. Cinesphere ní Toronto tún ṣílẹ̀kùn ní 2017 lẹ́yìn ọdún márùn-ún tó ti wà ní títì. Tí ẹnì kan bá ní àǹfààní láti wo iṣẹ́ Ferguson níbi tó ṣì wà lórí fíìmù, kó wá ìjókòó ní àárín ìlà, ní bí ìdá méjì nínú mẹ́ta sẹ́yìn, níbi tí ojú rẹ̀ ti máa bá ìdá ìsàlẹ̀ síkírìnì dọ́gba. Ìlà iwájú á jẹ́ kó máa wá orí àwòrán kiri, òkè pátápátá lẹ́yìn á sì fi etí síkírìnì hàn án. Kó wo bí gbogbo igun ṣe mọ́ kedere bákan náà pẹ̀lú àárín: gíláàsì tí afẹ́fẹ́ ń fa fíìmù mọ́ ló ń ṣe ìyẹn. Kó sì máa ka bí àwòrán kọ̀ọ̀kan ṣe pẹ́ tó kó tó yí padà, torí gbogbo rẹ̀ ni ẹnì kan ti ṣírò kí kámẹ́rà tó bẹ̀rẹ̀ sí jẹ fíìmù.